Àsíá Ọwọ́ Brina

Ẹni tí kò bá mọ Brina á rò pé igbó ló ń wò. Bó ṣe máa ń dúró nìyẹn, lórí pèpéle onígi tó wà lẹ́bàá ẹnu òkè ìfò, láàárín àwọn kóòṣì orílẹ̀-èdè yòókù, gbogbo wọn ọkùnrin, tí yìnyín ti dì mọ́ ọ̀pọ̀ wọn ní irùngbọ̀n. Àsíá Slovenia á wà lọ́wọ́ ọ̀tún rẹ̀. Ojú rẹ̀ á wà lára àwọn igi, á wà lára ríbọ́ọ̀nù tí wọ́n so mọ́ òpó lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkè kí wọ́n lè mọ ibi tí afẹ́fẹ́ ń lọ. Lókè pátápátá, olùfò kan á jókòó sórí ọ̀pá, ẹsẹ̀ rẹ̀ nínú síkì, pátákó tẹ́ẹ́rẹ́ gígùn méjì tí wọ́n fi ń yọ̀ lórí yìnyín, síkì nínú ojú ọ̀nà tó máa yọ̀ gbà dé ẹnu òkè kó tó fò sínú afẹ́fẹ́, á máa wo ọwọ́ obìnrin náà.

Iná pupa á kú, iná àwọ̀ ewé á tàn. Tí èyí bá ti tàn, àkókò tó kù ò pọ̀. Ẹni tó bá rọra ka ení dé ẹ̀wá ti kà á tán. Iná jẹ́ ti àwọn aláṣẹ, àmọ́ àsíá jẹ́ ti kóòṣì. Kò sì sí olùfò tí orí rẹ̀ pé tó máa gbéra kí àsíá kóòṣì rẹ̀ tó lọ sílẹ̀, torí láti orí ọ̀pá yẹn kò rí afẹ́fẹ́, kò rí ibi tó máa balẹ̀ sí. Tí kóòṣì bá ju àsíá, ìyẹn ni pé tó fì í wálẹ̀ láìjẹ́ kó bọ́ lọ́wọ́, ọmọ ti lọ nìyẹn. Tí kóòṣì bá dúró títí iná fi padà di pupa, ó ti parí fún ọmọ náà lọ́jọ́ yẹn. Á bọ́ síkì, á gbé e lé èjìká, á fẹsẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn bí ẹni tó dé ibi àsè tó bá wọn níbi tí wọ́n ti ń fọ ìkòkò.

Ó ti pẹ́ tí Brina ti ń di àsíá mú, kò sì sí ọmọ kankan tó tìtorí ọwọ́ rẹ̀ fi àtẹ̀gùn sọ̀ kalẹ̀ rí. Ìyẹn ló ṣe ya gbogbo èèyàn lẹ́nu ní sáà tí à ń sọ yìí, nígbà tí ẹnì kan sọ̀ kalẹ̀, tó sì tún wá jẹ́ Lovro, àbúrò rẹ̀, ọmọ ìyá rẹ̀.

Kí ẹ tó dá a lẹ́bi, ẹ gbọ́ ohun tó ti ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Ní ìparí sáà tó kọjá, lórí òkè ńlá kan ní Norway, Brina wo ríbọ́ọ̀nù, ó rí i pé afẹ́fẹ́ dára, ó ju àsíá. Lovro gbéra. Kó tó dé ẹnu òkè, afẹ́fẹ́ yí padà, ó gba ẹ̀yìn wá, ó sì já a bọ́ láti òkè bí ìgbà tí èèyàn bá gbọn aṣọ nù. Egungun èjìká rẹ̀ ṣẹ́, orúnkún rẹ̀ yẹ̀. Kò sẹ́ni tó bá Brina wí. Àwọn kóòṣì tó kù gbá a mọ́ra, wọ́n ní bí afẹ́fẹ́ ṣe ń ṣe nìyẹn. Lovro fúnra rẹ̀, lórí ibùsùn tí wọ́n fi gbé e lọ, ohun tó béèrè ni pé mítà mélòó lòun fò kí òun tó ṣubú. Bí wọ́n ṣe máa ń ya wèrè nìyẹn, gbogbo wọn.

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, egungun jinná, orúnkún jinná, Lovro padà sórí òkè, ó ń fò lórí koríko oníke tí wọ́n ń bomi rin. Nígbà tí yìnyín fi máa bẹ̀rẹ̀, ó ti ń ta pọ́nún-pọ́nún bí ọmọ ewúrẹ́. Brina ni kò tíì jinná. Kò sẹ́ni tó mọ̀, òun gan-an ò mọ̀.

Ní Ruka, ní ilẹ̀ Finland, níbi tí sáà ti bẹ̀rẹ̀, afẹ́fẹ́ kì í jókòó sójú kan. Tilen ló kọ́kọ́ fò nínú àwọn ọmọ Brina, ọ̀dọ́kùnrin kan tí ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́. Ìjì gbé e sókè, ó gbé e sílẹ̀, ó balẹ̀ tòun ti igbe, Brina ò tilẹ̀ ṣẹ́jú. Lẹ́yìn náà ló kan Lovro. Iná àwọ̀ ewé tàn. Àwọn ríbọ́ọ̀nù dákẹ́ jẹ́ẹ́. Brina wò wọ́n, ó ní kóun tún wò wọ́n sí i, ó ní kóun mí lẹ́ẹ̀kan péré. Ọwọ́ rẹ̀ wà lókè. Ó rí ọwọ́ náà lókè bíi pé ti ẹlòmíì ni. Iná di pupa.

Bogusz, kóòṣì àwọn ará Poland, baba onímúsítáàṣì tó ti ń ṣiṣẹ́ yìí látìgbà tí wọ́n ti ń wọ fìlà onírun dípò akoto, yíjú sí i.

"Brina, ṣé oorun gbé ẹ lọ ni?"

"Afẹ́fẹ́ ẹ̀yìn ni."

"Afẹ́fẹ́ wo? Irun imú mi gan-an ò mì."

"Irun imú ẹ ti dì, ló fà á."

Wọ́n rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ náà sì kọjá. Nígbà tí Lovro sọ̀ kalẹ̀, síkì léjìká, imú rẹ̀ ti pọ́n, ó rẹ́rìn-ín sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀. "Àǹtí Brina, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo gun òkè lọ, mo rìn sọ̀ kalẹ̀. Dókítà ní kí n máa rìn dáadáa." Ó gbà á gbọ́. Ohun tó dun Brina jù nìyẹn nígbà tó yá, pé àbúrò rẹ̀ gbà á gbọ́.

Ẹ̀ẹ̀kejì ṣẹlẹ̀ ní Garmisch, ní ilẹ̀ Germany, lọ́jọ́ ọdún tuntun, lọ́jọ́ tí gbogbo ilé lọ́dọ̀ wa máa ń jẹun ọ̀sán tán, tí wọ́n á jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n pẹ̀lú oorun àìsùn ọdún lójú. Oòrùn ràn. Ojú ọ̀run mọ́ tónítóní. Àwọn olùfò mẹ́ta ti lọ ṣáájú Lovro nínú afẹ́fẹ́ kan náà, kò sí ohun tó ṣe wọ́n. Iná tàn, ọwọ́ Brina wà lókè, ó wà lókè, ó wà lókè. Àwọn èrò kọ́kọ́ ń fun fèrè, wọ́n wá ń pariwo, wọ́n wá dákẹ́. Iná di pupa.

Lọ́jọ́ yẹn, kò sẹ́ni tó bá a ṣeré lórí pèpéle. Bogusz ń wo bàtà ara rẹ̀.

Nínú ọkọ̀ tó gbé wọn padà sí hòtẹ́ẹ̀lì, Tilen ò lè pa ẹnu rẹ̀ dé. "Kóòṣì, èmi náà ń fẹ́ kẹ́ ẹ fẹ́ràn mi bẹ́yẹn o. Lánàá, ìjì tó ṣí fìlà lórí adájọ́, inú ẹ̀ lẹ jù mí sí. Ẹ ò tiẹ̀ dágbére fún mi."

Gbogbo ọkọ̀ rẹ́rìn-ín. Lovro ò rẹ́rìn-ín. Ó yíjú sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó sì ń wò ó títí wọ́n fi dé.

Ó wá bá a níbi tí wọ́n ti ń fi ìda pa síkì, yàrá kékeré kan tí òórùn ìda gbígbóná kún inú rẹ̀. Ó ti ilẹ̀kùn.

"Àǹtí, kí lẹ rí lónìí?"

"Ríbọ́ọ̀nù ìsàlẹ̀ yí."

"Mo rí ríbọ́ọ̀nù ìsàlẹ̀. Kò yí."

"Ṣé o fẹ́ kọ́ mi níṣẹ́ mi ni?"

"Rárá o. Mo kàn fẹ́ mọ̀ bóyá afẹ́fẹ́ lẹ̀ ń wò àbí èmi."

Inú bí Brina. Tí ọ̀rọ̀ bá ti dá a lójú pé òótọ́ ni, inú rẹ̀ máa ń yára bí. "Ìwọ lò ń bá mi sọ̀rọ̀ báyìí? Ìwọ tí mo fọ ìdí fún? Nígbà tí Màmá wà níbi iṣẹ́, ta ló ń gbé ẹ pọ̀n gòkè lọ sílé ìwé?"

"Ẹ̀yin ni. Gbogbo Slovenia ló mọ̀. Ẹ sọ ọ́ lórí tẹlifíṣọ̀n, àwọn ọmọ Austria ṣì ń fi ìdí mi ṣe yẹ̀yẹ́ dòní."

Ó kù díẹ̀ kó rẹ́rìn-ín. Lovro jókòó sórí àpótí irinṣẹ́, ó na ẹsẹ̀ orúnkún tó tún ti ń dùn ún síwájú, ó sì fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ̀rọ̀.

"Ẹ gbọ́, Àǹtí. Tí mo bá jókòó sórí ọ̀pá yẹn, ẹ̀rù máa ń bà mí. Látìgbà tí mo ti wà lọ́mọdé ló ti ń bà mí. Ẹ̀rù tèmi, mo mọ bí mo ṣe ń gbé e. Àmọ́ tí mo bá wo ìsàlẹ̀ tí mo rí i pé ẹ̀rù ń ba ẹ̀yin náà, méjèèjì ti pọ̀ jù fún síkì kan."

Brina ń yí aṣọ tí wọ́n fi ń nu síkì mọ́ ìka rẹ̀.

"Orúnkún yìí ò ní rí sáà mìíràn," ni Lovro wí. "Òkè wa ní Planica ni mo fẹ́ fi dágbére. Ẹ sì mọ̀ pé lọ́jọ́ Sunday tó kẹ́yìn, àwọn ọgbọ̀n tó ní máàkì jù láti ìbẹ̀rẹ̀ sáà nìkan ló ń fò. Ẹ̀ẹ̀mejì lẹ ti jẹ́ kí n fẹsẹ̀ rìn sọ̀ kalẹ̀. Tó bá tún ṣẹlẹ̀, ẹ̀yìn odi ni màá dúró sí, màá máa jẹ sọ́séèjì, nílé ara mi, níwájú Màmá. Ẹ jọ̀ọ́."

Ẹ jọ̀ọ́ yẹn ló pa á. Lovro kì í bẹ̀bẹ̀. Ní kékeré, tó bá ṣubú tí orúnkún rẹ̀ bó, ńṣe ló máa ń bá yìnyín jà. Bàbá wọn ló fi ṣọ́bìrì kó yìnyín jọ sẹ́yìn ilé ní Rateče, tó ṣe òkè kékeré kan, ní ọdún tó kú gan-an. Lovro á jókòó sórí ẹ̀ bí ọba, kò ní gbéra. Àfi tí Brina bá dúró sísàlẹ̀ pẹ̀lú aṣọ ìdáná ìyá wọn, èyí tó ní igun mẹ́rin-mẹ́rin pupa àti funfun, kó nà án sókè, kó sì jù ú sílẹ̀. "Àǹtí, ẹ ju aṣọ!" lá máa pariwo. Tí wọ́n bá wọlé, ìyá wọn á na àwọn méjèèjì nítorí aṣọ tó dọ̀tí.

Nítorí náà, ní ọjọ́ kejì, Brina gbé àsíá fún Gorazd, igbákejì rẹ̀. Ó sọ fún àwọn oníròyìn pé èjìká ń dun òun. Gorazd jẹ́ ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí kì í sọ̀rọ̀. Èèyàn lè bá a rìnrìn àjò dé Japan, kó má gbọ́ ju "ẹ káàárọ̀" lẹ́nu rẹ̀. Ó gba àsíá, ó so okùn rẹ̀ mọ́ ọrùn ọwọ́, ó sì ń jù ú nígbà tó yẹ, fún gbogbo wọn bákan náà.

Ní Zakopane, níbi tí àwọn ará Poland ti ń kọrin títí ilẹ̀ fi ń mì, Lovro fò, ó rí máàkì díẹ̀. Ní Sapporo, nínú yìnyín tó ń bọ́ wìtìwìtì, ó tún rí díẹ̀. Ìfò rẹ̀ ò burú. Ṣùgbọ́n ẹni tó mọ̀ ọ́n á rí i pé nǹkan kan ò sí níbẹ̀. Ó ń gbéra bí ẹni tí wọ́n tì, kì í ṣe bí ẹni tí wọ́n pè. Brina dúró sẹ́yìn Gorazd, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì nínú àpò, ó sì ń rí gbogbo rẹ̀.

"Ṣé kò sí nǹkan tó ń ṣe yín, ìwọ àti Gorazd?" ló bi Lovro léèrè.

"Kò sí o. Gorazd dára. Bí iná ojú títì ló ṣe rí. Kò ṣàṣìṣe rí."

"Kí ló wá dé?"

"Ṣé ẹ ti rí ẹni tó ń ṣeré fún iná ojú títì rí?"

Bí wọ́n ṣe ń fà á nìyẹn dé oṣù kẹta. Nígbà tí wọ́n ka máàkì ní àná ọjọ́ Sunday ìkẹyìn, orúkọ Lovro ló gbẹ̀yìn nínú ọgbọ̀n. Ó kù fín-ín-fín. Tilen ra ike ọṣẹ ìfọṣọ kan ní ṣọ́ọ̀bù, ó fún un níwájú gbogbo ẹgbẹ́, ó ní ẹ̀bùn ẹni tó kẹ́yìn ni, kó lè fi fọ aṣọ gbogbo wọn.

Ní àárọ̀ ọjọ́ Sunday, Brina lọ sílé Pavla, ìyá wọn. Láti ojú fèrèsé ilé ìdáná Pavla, èèyàn á máa rí àwọn èrò tó ń gba Rateče kọjá lọ sí Planica, tàwọn ti àsíá, tàwọn ti agogo màlúù, bàbá, ìyá àti ajá. Pavla ti yan potica láti àná, méjì, búrẹ́dì dídùn tí wọ́n máa ń ká bí ẹní, tí àsálà lílọ̀ á wà nínú ìká rẹ̀. Láti ìgbà tí Lovro ti ń fò ló ti ń yan án fún Planica. Lovro kì í sì í fẹnu kàn án títí á fi fò tán, torí pé olùfò tó bá sanra ò ní bá afẹ́fẹ́ lò. Láti oṣù kọkànlá ló ti máa ń lálàá rẹ̀.

"Mo rí i lórí tẹlifíṣọ̀n pé Gorazd ló ń di àsíá mú báyìí," ni Pavla wí, ó ń gé potica.

"Èjìká mi ni, Màmá."

"Brina, èmi ni mo bí èjìká yẹn. Kò sí nǹkan tó ṣe é."

Brina jókòó. Ó ti ju ẹni ogójì ọdún lọ, ó ń pàṣẹ fún àwọn ọkùnrin kárí ayé, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí sunkún nílé ìdáná ìyá rẹ̀ bí ọmọ tí wọ́n gba nǹkan lọ́wọ́ ẹ̀. "Ẹ̀rù ń bà mí, Màmá. Ọwọ́ mi yìí ló jù ú. Tí mo bá gbé e sókè, Norway ni mo máa ń rí."

Pavla ò gbá a mọ́ra. Kì í ṣe irú ìyá bẹ́ẹ̀. Ó nu ọ̀bẹ, ó gbé e kalẹ̀.

"Ṣé ìwọ nìkan lo rò pé o ń ju àsíá? Láàárọ̀ ojoojúmọ́ tí ọmọ yẹn ń gbé síkì jáde, ta ló ń ṣílẹ̀kùn fún un? Èmi náà mọ̀ pé ó lè ṣubú. Ká ní mo fẹ́ kó má ṣubú ni, mi ò bá ti so ó mọ́ ẹsẹ̀ tábìlì yìí. Tábìlì bàbá yín ni, ó lágbára, kò ní já. Àmọ́ kí ni mo fẹ́ fi ọmọ ọgbọ̀n ọdún tí wọ́n so mọ́ tábìlì ṣe?"

Brina rẹ́rìn-ín nínú ẹkún. Ìyá rẹ̀ kó potica tó gé sínú aṣọ ìdáná, ó di í ní kókó, ó sì tì í sí i lọ́wọ́. Àwọn igun mẹ́rin-mẹ́rin pupa àti funfun. Kì í ṣe tàtijọ́, ìyẹn ti gbó tipẹ́, àmọ́ Pavla kì í ra òmíràn.

"Fún un tó bá fò tán. Tó bá tọrọ kó tó fò, gbá a lọ́wọ́."

Lovro wọlé nígbà náà, ó ti múra, ó gbóòórùn, ó dijú. "Yéè, ẹ má pa mí." Ó jẹ ẹyin kan lóòró, ó fẹnu ko ìyá rẹ̀ lẹ́nu, lẹ́rẹ̀kẹ́, lórí. Nígbà tó dé ẹnu ọ̀nà, ó yíjú padà. "Àǹtí, ẹ gbọ́ o. Lónìí, tí kì í bá ṣe ọwọ́ yín, mi ò ní kúrò lórí ọ̀pá."

"Má ṣe wèrè, Lovro."

"Mo ti sọ tèmi." Ó sì jáde lọ, ó ń súfèé. Brina rò pé eré ló ń ṣe. Ó ti máa ń ṣeré jù.

Ní Planica, ìsàlẹ̀ òkè ti kún dẹ́dẹ́. Èéfín sọ́séèjì gba ojú ọ̀run, agogo màlúù ń dún, àwọn èèyàn ń pe orúkọ olùfò bí ìgbà tí wọ́n ń pe ará ilé wọn. Ẹni tó kẹ́yìn nínú ọgbọ̀n ló máa ń ṣí eré, nítorí náà Lovro ló kọ́kọ́ máa fò. Lórí pèpéle, Gorazd dúró síwájú pẹ̀lú àsíá. Brina wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, aṣọ ìdáná lọ́wọ́ rẹ̀. Imú Bogusz kọ́kọ́ yíjú, kí Bogusz tó yíjú.

"Kí ló wà nínú aṣọ yẹn?"

"Ti Lovro ni."

"Ní Poland, ẹni tó bá gbé oúnjẹ wá síbi iṣẹ́ tí kò pín, ẹjọ́ ni."

"A ò sí ní Poland."

Lókè, Lovro jókòó sórí ọ̀pá, ó kéré bí ẹyẹ lórí okùn. Iná àwọ̀ ewé tàn. Gorazd wo afẹ́fẹ́, ó dára, ó ju àsíá.

Lovro ò gbéra.

Gorazd gbé àsíá sókè, ó tún jù ú. Lovro ò mira. Àwọn èrò ń pariwo pé lọ, lọ, lọ. Ó fi ọwọ́ méjèèjì di ọ̀pá mú, orí rẹ̀ sì yí sápá Brina, kì í ṣe sápá àsíá Gorazd. Brina rí i. Ó wá yé e pé àbúrò òun kò ṣeré láàárọ̀. Sáà rẹ̀, orúnkún rẹ̀, Planica rẹ̀, gbogbo rẹ̀ ló kó jọ tó gbé lé e lọ́wọ́, ó sì ń dúró.

"Gbé e wá!" Ó fa àsíá lọ́wọ́ Gorazd. Okùn rẹ̀ ti so mọ́ ọrùn ọwọ́ ọkùnrin náà pinpin. Ó tún fà á, Gorazd tẹ̀ lé e, kò já.

Iná máa tó yí padà. Brina wo ríbọ́ọ̀nù òkè, ó wo ti àárín, ó wo ti ìsàlẹ̀. Ó wò wọ́n dáadáa, bí iṣẹ́ rẹ̀ ṣe rí, fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọdún tó kọjá. Afẹ́fẹ́ ń bọ̀ láti iwájú, díẹ̀, ó dára. Ẹ̀rù ṣì ń bà á. Kò lọ. Ó na ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sókè tòun tẹ̀rù, aṣọ ìdáná ìyá rẹ̀ wà nínú rẹ̀, ó sì jù ú wálẹ̀ pẹ̀lú gbogbo agbára rẹ̀.

Kókó aṣọ tú. Potica fọ́n ká. Ó bà lé fìlà kóòṣì Finland, ó bọ́ sí kọ́là kóòṣì Germany, ó yí gbirigbiri lọ sínú yìnyín ìsàlẹ̀. Kò sẹ́ni tó wò ó, torí Lovro ti ń bọ̀. Ìró síkì rẹ̀ kọjá lẹ́bàá wọn bí ìgbà tí aṣọ bá ya, ó dé ẹnu òkè, ó ta. Brina ò dijú. Ó wo àbúrò rẹ̀ bó ṣe na ara sórí afẹ́fẹ́, tó dùbúlẹ̀ sórí rẹ̀ bí ẹni dùbúlẹ̀ sórí ibùsùn tirẹ̀, tó ń lọ, tó ń lọ, tó kọjá ìlà àkọ́kọ́, tí àwọn èrò sì ń pariwo, tí ohùn wọn ń gùn bí òun náà ṣe ń gùn. Ó balẹ̀ jìnnà, ẹsẹ̀ kan síwájú, ẹsẹ̀ kan lẹ́yìn, orúnkún dúró. Ó na apá rẹ̀ méjèèjì.

Wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sójú pátákó ńlá: Lovro, ipò kìíní. Òun nìkan ló ṣáà tíì fò. Ará Rateče ń jó bíi pé sáà ti parí síbẹ̀.

Bogusz mú potica kan kúrò lórí fìlà rẹ̀, ó gé e jẹ, ó jẹ ẹ́ lẹ́nu díẹ̀. "Àsálà ni," ló wí. Ojú rẹ̀ ti pọ́n, ó ní òtútù ni.

Gorazd ti ń tú okùn ọrùn ọwọ́ rẹ̀. Ó tú u pẹ̀lú sùúrù, ó ká àsíá, ó sì fi lé Brina lọ́wọ́. "Ẹ gbà á, ọ̀gá," ló wí. "Èjìká ń dun èmi náà."

Brina ló ju àsíá fún Tilen, òun ló jù ú fún gbogbo àwọn tó kù. Nígbà tí ìfò àkọ́kọ́ parí, wọ́n ti sún Lovro sẹ́yìn gan-an, àmọ́ ìfò kejì ṣì wà níwájú, ìgbẹ̀yìn nínú ayé rẹ̀. Brina sáré sọ̀ kalẹ̀ lọ bá a. Pavla ti wà níbẹ̀ lẹ́yìn odi, láàárín àwọn alágogo. Lovro gbá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ mọ́ra, ó gbé e kúrò nílẹ̀, ó ń wo ọwọ́ rẹ̀ láti ẹ̀yìn.

"Àǹtí, potica mi dà?"

"Ó wà nínú yìnyín. Ó wà nínú Bogusz."

"Gbogbo ẹ̀?"

"Mo tọ́jú odidi kan sílé," ni Pavla wí. "Mo mọ irú ọmọ tí mo bí. Brina, fún mi láṣọ mi."

Ìgbà náà ni Brina rí i pé òun ṣì di aṣọ náà mú sínú ìkúùkù, àti pé ìka òun ò fẹ́ ṣí. Ìyá rẹ̀ na ọwọ́ kọjá odi, ó fẹ́ ṣí i fún un, ó sì wá fi í sílẹ̀. "Kò burú. Fọ̀ ọ́ kó o tó gbé e wá."

Wọ́n ń pe àwọn olùfò padà sínú kẹ̀kẹ́ olókùn tó ń gbé wọn gòkè. Lovro gbé síkì rẹ̀ lé èjìká, ó wo ọwọ́ kan ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó wo ìkejì.

"Èwo ni kí n wá máa wò báyìí? Àsíá ni àbí aṣọ ìdáná?"

"Ọwọ́ mi ni kó o wò."

Ó mi orí, ó sì gòkè lọ.